Ọ̀rọ̀ Mi Tí Wọ́n Sọ Di Òwe

Ọmọ Òkukù kan, tó ń kọ́ni ní ìtàn ní yunifásítì, ló ṣẹ̀ mí. Ọ̀sán Sátidé tó ṣáájú Kérésìmesì ni, ní ọdún tí wọ́n dá Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun sílẹ̀, nínú gbọ̀ngàn kan ní Ìkìrun, níbi tó ti ń fi ìwé rẹ̀ han ará ìlú.

Kábíńtà ni mí ní Inísà; ìwé mẹ́fà ni mo kà. Ṣáájú ìgbà náà, ó gbé àga kan wá kí n bá a tún un ṣe. Bí mo ti ń fá pákó, ó ń ráhùn pé ìwé tí òun ń kọ lórí ẹ̀sìn àti ìṣèlú ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì láyé àtijọ́ ti sú òun. Ó ní àwọn bíṣọ́ọ̀bù ọba kan pàṣẹ kí wọ́n gbé tábìlì oúnjẹ Olúwa kúrò láàárín ìjọ, kí wọ́n gbé e ti ògiri, kí wọ́n sì sọgbà yí i ká. Ará ìlú yarí. Ìjà náà wà lára ohun tó fa ogun, tí wọ́n fi bẹ́ ọba lórí.

"Bọ̀ọ̀dá, ẹ gbà mí. Ṣé nítorí tábìlì lásán?"

Mo ní, "Ìwọ náà! Pákó kan náà ni tábìlì àti pẹpẹ. Ibi tí a bá gbé e sí ló ń sọ ọ́ lórúkọ. Bó bá wà láàárín, gbogbo ilé ló ń fọwọ́ lé e. Bó bá fara ti ògiri tó sì lọ́gbà, ẹnì kan ló ń dé ibẹ̀. Ẹni tó bá ní kí kábíńtà sọgbà yí tábìlì ká, oyè ló ń wá."

Ó ní kí n tún un sọ. Ó kọ ọ́ sílẹ̀.

Ní Ìkìrun, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn òyìnbó tó ràn án lọ́wọ́, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ ẹni tó bá a tẹ ìwé. Mo tún fìlà mi dé, mo rò pé ó kàn mí. Ó wá ní, bó ṣe kọ ọ́ sínú ìwé náà, "Àwọn baba ńlá wa máa ń pòwe pé, ẹni tó bá ní kí kábíńtà sọgbà yí tábìlì ká, oyè ló ń wá." Wọ́n pàtẹ́wọ́.

Mo dìde. "Baba ńlá wo? Èmi ni mo sọ ọ́, mo sì ń bẹ láàyè!"

Ó rẹ́rìn-ín. "Bọ̀ọ̀dá mi, kò sẹ́ni tó ni òwe. Ẹ jókòó, ẹ̀yin náà ti di baba ńlá nìyẹn."

Gbọ̀ngàn bú sẹ́rìn-ín. Títí di òní, bí mo bá la ẹnu ní ṣọ́ọ̀bù mi, àwọn oníbàárà á ní, "Baba ńlá ti sọ̀rọ̀."

Ṣùgbọ́n ṣé baba ńlá wa mọ tábìlì? Ṣé wọ́n mọ kábíńtà? Gbẹ́nàgbẹ́nà ni wọ́n ń pè é; àwọn òyìnbó ló gbé ọ̀rọ̀ méjèèjì wá. Ọ̀mọ̀wé kò rí ìyẹn! Ohun tí mo fẹ́ kò ju kí ó kọ ọ́ sínú ìwé náà pé kábíńtà kan ní Inísà ló sọ ọ́.

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí, ẹ bi àwọn àgbà ilé yín bóyá wọ́n gbọ́ òwe náà rí kí ìwé yẹn tó jáde. Bí wọ́n bá gbọ́ ọ, mo jẹ̀bi. Bí wọn kò bá gbọ́ ọ, ẹ dá ẹjọ́ náà bó ṣe yẹ.