Ọwọ́ Tó Ń Gún Wa Lábẹ́rẹ́

"Ẹ gbé ọmọ jáde o! Abẹ́rẹ́ àjẹsára ti dé!"

Omi ti dé orókùn Mama, síbẹ̀ ohùn wọn ń dún ketekete. Wọ́n ti ká yẹ̀rì yunifọ́ọ̀mù wọn sókè, wọ́n ru kúlà tí oògùn wà nínú rẹ̀ sórí, wọ́n sì ń fi igi wá ilẹ̀ kí ẹsẹ̀ wọn má baà já sí gọ́tà. Àwa ọmọdé dúró lórí àpótí, à ń wò wọ́n. Bí odò bá ti kún báyìí ní Ajégúnlẹ̀ tiwa, lẹ́yìn Òwòdé Onírin, àwọn tó ń kiri búrẹ́dì pàápàá kì í wọlé mọ́. Mama Abẹ́rẹ́ kì í ṣàìwọlé. Bí gbogbo àdúgbò ṣe ń pè wọ́n nìyẹn; mi ò gbọ́ kí ẹnikẹ́ni pe orúkọ wọn rí.

Yàrá wọn kọjú sí tiwa. Láàárọ̀, òórùn kẹrosíìnì sítóòfù wọn ló máa ń jí mi, lẹ́yìn náà ni mo máa ń gbọ́ orin ìyìn tí wọ́n ń kọ wúyẹ́wúyẹ́, pẹ̀lú ohùn Ẹ̀gbá wọn tí Èkó ò rí mú kúrò. Bí wọ́n bá fọwọ́ kàn mí lórí, sípíríìtì ni ọwọ́ náà ń rùn.

Ọjọ́ mẹ́ta lọ́sẹ̀ ni ìjọba ìbílẹ̀ gbà wọ́n fún ní ilé ìwòsàn kékeré kan ní Kétu. Pát-táìmù ni wọ́n ń pè é, ṣùgbọ́n wọn ò tíì bí mi tí Mama ti wà lẹ́nu ẹ̀. Àwọn tí wọ́n jọ ń gún abẹ́rẹ́ kan náà, tí wọ́n ń wá lójoojúmọ́, máa ń lọ sinmi, owó wọn á sì máa wọlé. Pẹ́ńṣàn ń dúró dè wọ́n. Kò sí èyí fún Mama.

"Ẹni tó ṣiṣẹ́ ọjọ́ márùn-ún, kó gbowó ọjọ́ márùn-ún," Mama máa ń sọ fún màámi. "Mi ò bá wọn jà. Ṣùgbọ́n òṣùwọ̀n tí wọ́n fi wọn tiwọn, kí wọ́n fi wọn tèmi náà."

Lọ́dún yẹn, ìṣó gún wọn lẹ́sẹ̀ nínú omi. Ẹsẹ̀ náà wú, wọ́n sì dùbúlẹ̀ fún ọ̀pọ̀ ọ̀sẹ̀. Kọ́bọ̀ kan ò wọlé. Màámi ló ń se oúnjẹ fún wọn. Bí wọ́n ṣe lè dìde, ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀ ni wọ́n gbà lọ. Omi ṣì wà nínú ilé-ìwé wa, màámi sì ti lọ sídìí tòmátò wọn ní Mile 12, nítorí náà Mama mú mi dání.

Ọ̀gá kan tó wọ táì ló dá wọn lóhùn. "Mama, ẹ má bínú. Pát-táìmù lẹ̀ ń ṣe. Kò sí owó àìsàn, kò sí pẹ́ńṣàn fún pát-táìmù."

Mama na ọwọ́ ọ̀tún wọn síwájú rẹ̀. "Ọmọ mi, ọwọ́ tí mo fi ń gún àwọn ọmọ lábẹ́rẹ́ rèé. Ṣé ààbọ̀ ọwọ́ ni?"

Ọ̀gá rẹ́rìn-ín. Mama ò rẹ́rìn-ín.

Láti ọjọ́ náà, bí wọ́n bá ti parí iṣẹ́, Mama àti àwọn pát-táìmù yòókù, àwọn agbálẹ̀ àti bàbá tó ń ṣọ́ ilé ìwòsàn, á lọ jókòó ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ọ́fíìsì náà pẹ̀lú yunifọ́ọ̀mù lọ́rùn. Wọn ò pariwo, wọn ò bú ẹnikẹ́ni. Ọ̀kan nínú wọn ní kí wọ́n kúkú dá abẹ́rẹ́ dúró.

"Rárá o," Mama dáhùn. "Ọmọ tuntun ò jẹ wá ní gbèsè."

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, ọ̀gá onítáì wá sílé wa. Mo ń ṣa ẹ̀wà lẹ́nu ọ̀nà. Mama fún un lómi mu kó tó sọ̀rọ̀. Ó ní wọ́n ti ṣe tán láti sọ Mama nìkan di òṣìṣẹ́ gidi, tí Mama bá lè ní kí àwọn yòókù máa lọ sílé.

"Ẹ ṣeun, ọ̀gá," ni Mama wí. "Gbogbo wa la jọ wá. Mi ò lè gba ẹ̀yìn wọn wọlé."

Nígbà tó lọ, màámi figbe ta: "Mama! Ohun tí ẹ ti ń wá látọjọ́ yìí mà nìyẹn!"

"Mo mọ̀," ni wọ́n wí, wọ́n sì fi etí ìró nu ojú.

Ọyẹ́ dé, ọyẹ́ lọ, kí ìjọba ìbílẹ̀ tó gbà. Owó ìsinmi, owó àìsàn àti pẹ́ńṣàn di ti pát-táìmù náà, níwọ̀n ọjọ́ tí kálukú ń ṣe, wọ́n sì kà á láti ọjọ́ tí kálukú ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́. Bàbá ọlọ́dẹ ti kú kó tó dé. Ìyàwó rẹ̀ ló gba tirẹ̀. Mama bá a sunkún, wọ́n sì bá àwọn yòókù jó, nítorí pé ọjọ́ kan náà ni ìròyìn ikú rẹ̀ àti ìròyìn owó náà bọ́ sí.

Mama ti sùn nínú Olúwa báyìí. Èmi náà ń kọ́ni ní ilé-ìwé ìjọba kan lápá Alápẹ̀rẹ̀, ọjọ́ méjì lọ́sẹ̀. Lọ́jọ́ tí wọ́n gbà wá síṣẹ́, mo béèrè ohun tó tọ́ sí mi bí mo bá ṣàìsàn. Akọ̀wé gbójú sókè wò mí, ó sì rọra sọ fún mi pé àwọn á wá nǹkan ṣe sí tèmi.

Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni mo béèrè ti àwọn tó kù.