Ọmọ-Ogun Tó Wà Lápò Atúnagogoṣe

Ọjọ́ kẹrìnlá oṣù kẹfà, ọdún mọ́kànlá sẹ́yìn. Ìṣẹ́jú mẹ́tàdínláàádọ́jọ. Bí bàbá atúnagogoṣe ṣe dá ìdíje ṣẹ́ẹ̀sì gbogbo ìlú dúró pẹ́ tó nìyẹn, nítorí ọmọ-ogun kan tí kò ga ju ìka ọwọ́ lọ.

Nínú ṣẹ́ẹ̀sì, ọmọ-ogun ló kéré jù lórí pátákó. Díẹ̀díẹ̀ ló ń rìn, iwájú nìkan ló ń lọ, kò sì gbọdọ̀ padà sẹ́yìn. Ṣùgbọ́n bó bá la ogun já títí tó fi dé ìlà ìkẹyìn lọ́dọ̀ ọ̀tá, òfin gbogbo ayé fún un láǹfààní láti di ayaba, èyí tó lágbára jù nínú gbogbo wọn. Lọ́jọ́ náà, ọmọ-ogun bàbá dé ìlà ìkẹyìn. Bàbá fi ìka méjì gbé e, ó fẹ́ eruku ara rẹ̀ nù, ó ní, "O káre. Lọ sinmi." Ó sì fi í sápò.

"Bàbá, ẹ mú ayaba," ni rẹfirí wí.

"Ayaba ta ni?"

"Ọmọ-ogun yín ti dé òpin. Ẹ sọ ọ́ di ayaba."

Bàbá wò ó láti òkè délẹ̀. "Ọkùnrin yìí fẹsẹ̀ rìn la ogun já. Ẹṣin ń tàpá sí i lọ́tùn-ún, bíṣọ́ọ̀bù ń yọ sí i ní kọ̀rọ̀ lósì. Ó wá dé ibi tó ń lọ tán, ẹ̀bùn tẹ́ ẹ fẹ́ fún un ni pé kẹ́ ẹ sọ ọ́ di ìyàwó ọba?"

Rẹfirí gbé ìwé òfin wá. Bàbá kà á, ó yá bíírò lọ́wọ́ rẹfirí fúnra rẹ̀, ó sì fagi lé ìlà náà. Alága ìdíje gbé ìwé òfin tirẹ̀ wá. Bàbá bá a tún ìyẹn náà ṣe. Nígbà tí wọ́n ní alátakò rẹ̀ ló jẹ, bàbá bọ ọ̀dọ́mọkùnrin náà lọ́wọ́, ó dé fìlà rẹ̀, ó lọ. Ìgbà tí wọ́n ń kó ẹrù ni wọ́n rí i pé ọmọ-ogun kan dín. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni wọ́n ránṣẹ́ sí i. Ẹ̀ẹ̀mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ló dá wọn lóhùn pé, "Ó ṣì ń sinmi."

Láti ọjọ́ náà ni gbogbo àdúgbò ti ń pè é ní Bàbá Lọ-Sinmi. Àbíkẹ́yìn rẹ̀, tó jẹ́ ọmọ ọdún mẹ́rìnlá nígbà náà, dúró lẹ́yìn àga rẹ̀, inú rẹ̀ sì dùn débi pé ó ń pàtẹ́wọ́. Kò tí ì mọ̀ pé bàbá òun ni kò tọ̀nà.

Ṣọ́ọ̀bù bàbá kéré, agogo mọ́kàndínlógójì ló sì wà lára ògiri rẹ̀, kò sì sí méjì nínú wọn tó ń sọ àkókò kan náà. Télọ̀ tó wà ní ọ̀kánkán ni wọ́n jọ ń ta ṣẹ́ẹ̀sì ní ọ̀sọ̀ọ̀sán. Lọ́jọ́ kan, télọ̀ gbé agogo olójú méjì wá, irú èyí tí àwọn ọ̀jẹ̀ fi ń ka àkókò oníkálukú. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ bẹ̀rẹ̀ eré ni bàbá gbé e sétí. "Ó ń sáré," ló wí. Ó tú u palẹ̀. Ó nu gbogbo eyín rẹ̀, ó da epo sí i, ó tò ó padà. Nígbà tó fi máa parí, télọ̀ ti sùn lọ sórí àga. Bàbá jí i, ó ní, "Àkókò tìẹ ti tán."

Ó mọ ìwé eré náà o, kí ẹnikẹ́ni má rò pé òpè ni. Ó mọ ọ̀nà ìbẹ̀rẹ̀ tí wọ́n fi orúkọ àlùfáà ará Sípéènì kan pè, kì í kàn án lò ni. Ó ní iṣẹ́ àlùfáà kọ́ ni ogun. Tirẹ̀ ló ń lò. Yóò ti ọmọ-ogun ẹ̀gbẹ́ ọ̀tún síwájú, yóò ti ti ẹ̀gbẹ́ òsì, a sì máa pe ọ̀nà náà ní Ṣí-Fèrèsé, kí afẹ́fẹ́ lè fẹ́ sí ọba. Tíṣà kan tó gbọ́n nínú eré náà sọ fún un pé kò sí ìbẹ̀rẹ̀ tó burú tó o láyé. "Tíṣà," ni bàbá dáhùn, "ooru ò tí ì mú yín rí ni." Ọba tíṣà há ní ìgbésẹ̀ kejìlélógún, bàbá jẹ. Òógùn ń kán lágbọ̀n rẹ̀ sórí pátákó.

Bí wọ́n bá ti wá ń ta á, yóò máa sọ ìtàn. Yóò ní Íńdíà ni eré náà ti bẹ̀rẹ̀, ó gba Páṣíà kọjá dé ọ̀dọ̀ àwọn Lárúbáwá kó tó dé Yúróòpù.

"Ayaba yìí tí gbogbo yín ń forí balẹ̀ fún, ọkùnrin ni tẹ́lẹ̀. Olùdámọ̀ràn ọba ni. Ìgbésẹ̀ kan péré ló ń gbé. Ẹ̀ẹ́dẹ́gbẹ̀ta ọdún àti díẹ̀ sẹ́yìn ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ní kó máa sáré káàkiri."

"Ta ló ní bẹ́ẹ̀?" ni télọ̀ bi í.

"Èèyàn ni. Èèyàn ló ń yí òfin padà, télọ̀. Àbí o rò pé ó já bọ́ láti òkè ni?"

Ohun tí bàbá kì í sọ ni ẹni tó yí tirẹ̀ padà.

Àbíkẹ́yìn dé ilé-ẹ̀kọ́ gíga, ó wọ ẹgbẹ́ ṣẹ́ẹ̀sì wọn, ó sì dé ìpele àṣekágbá. Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni. Níwájú igba èèyàn, ọmọ-ogun rẹ̀ dé ìlà ìkẹyìn. Ó gbé e, ó fẹ́ eruku ara rẹ̀ nù, ó ní, "O káre. Lọ sinmi." Ó fi í sápò.

Gbọ̀ngàn náà fẹ́rẹ̀ẹ́ wó fún ẹ̀rín. Wọ́n yọ ọ́ nínú ẹgbẹ́, Sinmi sì ni wọ́n ń pè é títí ó fi gboyè. Ó pe bàbá lórí fóònù lálẹ́ ọjọ́ náà, ó ń sunkún, ó ní wọ́n fi òun ṣe yẹ̀yẹ́.

Bàbá ní, "Ọmọ-ogun náà ńkọ́? Ó délé?"

Àbíkẹ́yìn pa fóònù. Odindi ọdún mẹ́fà, kò bá bàbá ta ṣẹ́ẹ̀sì mọ́. Bó bá wálé, tí bàbá bá na pátákó sí i, yóò ní, "Ẹ kọ́kọ́ lọ kọ́ òfin." Bàbá á rọra ká pátákó náà.

Lọ́dún yìí, bàbá sùn lálẹ́ ọjọ́ Ajé, kò jí mọ́. Lọ́jọ́ kẹjọ tí wọ́n sin ín, àbíkẹ́yìn lọ kó ṣọ́ọ̀bù. Ó bá télọ̀ lórí àga níbẹ̀, tó ń ṣọ́ pátákó ṣẹ́ẹ̀sì bí ẹni tó ń ṣọ́ ìkòkò lórí iná.

"Má fọwọ́ kàn án," ni télọ̀ wí. "Eré tá a ta kẹ́yìn ni. Bàbá ẹ ló kàn. Ìwọ ni wàá bá a parí ẹ̀."

Àbíkẹ́yìn wò ó. Ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta ló gbà á. Ọmọ-ogun bàbá ku ìgbésẹ̀ kan kó dé ìlà ìkẹyìn. Bó bá di ayaba, ọba télọ̀ ti há, ó parí. Ohunkóhun mìíràn tí wọ́n bá ṣe, ẹṣin télọ̀ máa há ọba bàbá mọ́lẹ̀ ní ìgbésẹ̀ tó tẹ̀ lé e.

Ó rẹ́rìn-ín músẹ́. Ọdún mẹ́fà ló ti ń dúró de irú eré yìí. Yóò fi òfin gidi jẹ ẹ́, lórí pátákó bàbá, nínú ṣọ́ọ̀bù bàbá, òkodoro á sì hàn.

"Ẹ jẹ́ n kọ́kọ́ mú ẹ̀rí," ló wí.

Gbogbo eré tí bàbá ta ló kọ sínú ìwé. Ìwé mọ́kànlélọ́gbọ̀n. Àbíkẹ́yìn jókòó sórí páálí, ó ń kà wọ́n láti ẹ̀yìn wá síwájú, ó ń ka gbogbo eré tí bàbá pàdánù nítorí pé kò gba ayaba. Ó kà á dé igba ó lé mẹ́rìnlá.

"Igba ó lé mẹ́rìnlá, Bàbá Télọ̀! Ṣé bàbá mi ò mọ òfin ni?"

"Àwọn ló kọ́ mi ní òfin gidi, ìwọ ọmọ yìí. Ọ̀nà yẹn la fi ń ta á níbẹ̀rẹ̀. Ọjọ́ kan ni wọ́n kàn dé tí wọ́n ní òfin ti yí padà. Mo ní, ta ló yí i? Wọ́n ní, ẹni tó láṣẹ."

Àbíkẹ́yìn ṣí ìwé tó kù. Ọjọ́ kẹsàn-án oṣù kẹwàá, ogún ọdún sẹ́yìn. Lẹ́tà bàbá tó rí wẹ́wẹ́ bí eyín agogo ló wà níbẹ̀:

"Mo kọ́ àbíkẹ́yìn ní ṣẹ́ẹ̀sì lónìí. Mo fẹ́ sọ ọmọ-ogun di ayaba, ló bá bú sẹ́kún. Ó ní ẹsẹ̀ ń dun ọmọ-ogun náà, kí n jẹ́ kó lọ ilé lọ sinmi. Mo ro ọ̀rọ̀ náà títí. Òótọ́ ló sọ. Òfin ti yí padà láti òní lọ."

Ọmọ ọdún márùn-ún ni ẹni tó láṣẹ nígbà náà.

Ó jókòó sórí páálí náà pẹ́. Agogo mọ́kàndínlógójì ń sọ ohun tó wù wọ́n. Lẹ́yìn náà, ó dìde, ó wá sídìí pátákó, ó ti ọmọ-ogun dé ìlà ìkẹyìn. Télọ̀ na ayaba sí i.

Kò gbà á. Ó fi ìka méjì gbé ọmọ-ogun, ó fẹ́ eruku ara rẹ̀ nù.

"Ẹ káre," ló wí. "Ẹ lọ sinmi."

Télọ̀ gbé ẹṣin rẹ̀. Ọba bàbá há. "Mo jẹ," ni télọ̀ wí, ó sì fi téèpù ìwọnṣọ tó wà lọ́rùn rẹ̀ nu ojú. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀, ó ní, "Ọmọ-ogun náà ńkọ́?"

Àbíkẹ́yìn fọwọ́ tẹ àpò rẹ̀. "Ó ti délé."

Ìwọ tó ò ń ka èyí, o mọ òfin, mo sì mọ̀ pé o mọ̀ ọ́n. Lọ́jọ́ tí ọmọ-ogun tìẹ náà bá rìn dé ìlà ìkẹyìn, má na ọwọ́ sí ayaba. Gbé e, fẹ́ eruku ara rẹ̀ nù, sọ fún un pé ó káre, kí o sì jẹ́ kó lọ ilé.