Omi Tí Mo Fún Bátìrì Àǹtí Dókítà

Òórùn imí-ọjọ́ ni mo fi ń rántí ọdún tí bátìrì tuntun kan wọ ṣọ́ọ̀bù tí mo ti ń cháàjì bátìrì ní Òkè-Fìà. Ìwé kẹfà ni mo ti fi ilé-ìwé sílẹ̀ n'Íléṣà, ṣùgbọ́n kí o tó rí ẹni tó mọ bátìrì bí èmi l'Óṣogbo, wàá rìn títí bàtà á fi já.

Olùkọ́ yunifásítì kan, obìnrin tí mo lè bí ní àkọ́bí, ló gbé bátìrì kan wá, kò ju ìdérí ìgò lọ. Ó ní irin tó ń ti ara ẹfun wá, tí wọ́n ń pè ní kálísíọ̀mù, ló wà nínú rẹ̀, pẹ̀lú imí-ọjọ́. Pé bó bá yọrí, a ò ní máa wojú bátìrì lítíọ̀mù òkè òkun mọ́. Iná kì í dúró níbi iṣẹ́ tirẹ̀, tèmi kì í kú. Ó ní kí n máa bá òun cháàjì rẹ̀, kí n máa lò ó tán, kí n sì máa ka iye ìgbà.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má ṣí i o. Òun nìkan ló kù mí kù."

"Àǹtí Dókítà, ṣé èmi lẹ fẹ́ kọ́ ní bátìrì?"

Mo ń fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà sára ògiri, ìlà kan fún cháàjì kan. Nígbà tó yá, agbára rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í lọ sílẹ̀. Mo mi orí: òùngbẹ ni. Bátìrì wo ni kì í mu omi? Mo yọ ìdérí rẹ̀, mo kán omi bátìrì sí i. Àwọn àgbà ní ẹni tó da omi síwájú á tẹ ilẹ̀ tútù. Èmi da omi, iná ni mo tẹ̀. Ó hó ṣàà, ó gbóná, ó ń rùn bí ẹyin bíbàjẹ́. Ẹ̀mú ni mo fi gbé e jù sínú iyanrìn.

Mo lè ní ó dédé kú ni. Ta ni yóò bá mi jiyàn? Ṣùgbọ́n bí mo bá purọ́, orí irọ́ mi ni Àǹtí Dókítà yóò kọ́ bátìrì mìíràn lé. Nígbà tó dé, mo ṣí fìlà.

"Omi ni mo fún un."

"Omi kẹ̀! Ọ̀gá, ọ̀tá rẹ̀ gan-an nìyẹn!"

Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì. Lẹ́yìn náà ló rí ògiri. "Kí ló dé tí àwọn ìlà yìí ń kúrú sí i?"

"Bó ṣe ń rẹ̀ ẹ́ ni mo ṣe ń gé e kúrú."

Ó kà á, ó tún un kà, ó wá bú sẹ́rìn-ín. "Ibi tó ti ń rẹ̀ ẹ́ ni mo ń wá látọjọ́ yìí! Ọ̀gá, ẹ bà á jẹ́, ẹ sì bá mi rí i."

Títí dòní, irú bátìrì tó ń ṣe náà ò tíì dàgbà. Á tan gílóòbù kékeré, á tún sùn. Àǹtí Dókítà ò ṣíwọ́, èmi náà ò fi ṣọ́ọ̀kì sílẹ̀. Mo ń sọ fún gbogbo oníbàárà pé èmi wà lára àwọn tó ń ṣe é, irọ́ kọ́. Ṣùgbọ́n bó bá ti gbé tuntun dé, kẹ́ẹ̀gì omi mi ni mo kọ́kọ́ ń gbé lọ sẹ́yìnkùlé.