Ilé Tí Màmá Mi Fi Ṣọ́ọ̀kì Kọ́

Bí mo bá ti gbóòórùn ṣọ́ọ̀kì, ilé tí màmá mi kọ́ ní Ìlọrin ló máa ń wá sí mi lọ́kàn.

Ìjà ló lé wa kúrò ní òkè Ọya. Wọ́n kó wa sí ilé ìwé kan nítòsí Ọ̀fà Garage, ìdílé mẹ́rin nínú kíláàsì kan. Lọ́sàn-án ọjọ́ kejì, màmá mi ṣa ṣọ́ọ̀kì nílẹ̀, ó fi fa ìlà yí ẹní wa ká, ó wá fi àyè kékeré kan sílẹ̀.

“Ẹnu ọ̀nà wa nìyí. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fo ògiri o.”

Mo bú sẹ́rìn-ín. Ògiri wo?

Kò pẹ́ tí Àlàájà kan láti àdúgbò gbé ọbẹ̀ wàrà gbígbóná dé. Ó bọ́ bàtà, ó dúró sẹ́yìn ìlà náà.

“Àsàlámù àlékùn. Àgò onílé o!”

Ó kúkú ń wò wá, síbẹ̀ kò gbé ẹsẹ̀. Màmá mi sáré tún ìró rẹ̀ ró.

“Àgò yà o. Ẹ máa wọlé bọ̀, ìyá wa.”

Omi lé ròrò lójú màmá mi. Èmi rò pé ata ọbẹ̀ ló ta á lójú. Mo ti ní ilé tèmi kó tó yé mi pé, láti ọjọ́ tí a ti ń sá kiri, ẹnikẹ́ni ò tíì pè é ní onílé.

Ọlọ́run bá mi kẹ́ Àlàájà. Ẹnu ọ̀nà ló gbà wọlé. Kò tẹ ògiri wa.