Pépà Tó Kúnlẹ̀ Nínú Fíìmù Ọkọ Mi

Ezekiel Àkànní, ọmọ Ẹ̀ṣọ́ Ìkòyí, ẹni tí kì í fẹ̀yìn gba ọfà, ọkọ mi, ti lọ. Ẹ̀yin ọ̀rẹ́ mi, ẹ fara balẹ̀ kí n ròyìn ohun tó ṣẹlẹ̀ nílé wa ní Crumpsall, ní Manchester níbí, kí a tó sin ín.

Klaus, ará Jẹ́mánì tí wọ́n jọ ṣiṣẹ́ ní warehouse ní Trafford Park, ló kó bá wa. Òun ló fi àwọn fíìmù kéékèèké tí wọ́n ṣe ní Jẹ́mánì láyé ọjọ́un han Àkànní. Kò sí ọ̀rọ̀ níbẹ̀, kò sí èèyàn. Pépà funfun onígun mẹ́rin á yọ nínú òkùnkùn, á tóbi, á kéré, á lọ. Mo ní, "Bàbá Dúpẹ́, ta ni olè, ta ni ọlọ́pàá?" Ó rẹ́rìn-ín títí. Ó ní kí n máa wò ó bí ẹni ń wo ijó.

Àfi bó ṣe ní òun náà á ṣe tòun. Ó ń gé pépà lórí tábìlì ìjẹun, ó ń sún un díẹ̀díẹ̀, ó ń ya fọ́tò rẹ̀ lọ́kọ̀ọ̀kan. Ibo la wá ń jẹun? Orí itan wa ni. Ó ku ìparí nìkan tí àìsàn fi dé. Ó ní, "Ìyá Dúpẹ́, bá mi parí ẹ̀, kí ẹ fi hàn níbi ìsìnkú mi." Èmi tí mi ò kà ju prámárì lọ? Mo ṣáà ṣèlérí.

Ó ku ọ̀la kí a sin ín, èmi àti Dúpẹ́ ọmọ wa jókòó ti fíìmù náà. A so fóònù rọ̀ sókè tábìlì, ó ń ya fọ́tò fúnra rẹ̀. Bí mo ṣe ń sún pépà ni Bàbá Ògúnlànà, àgbà kan láàárín àwa Yorùbá níbí, wọlé láti Ramsbottom, ìlú kan nítòsí. Kíá, Dúpẹ́ ti kúnlẹ̀ kí wọn, orí ẹ̀ sì wọ inú fọ́tò.

Ó ní, "Mummy, mo ti bà á jẹ́. Kò sáyè àtitún un ṣe mọ́."

A wò ó. Pépà dé àárín, orí Dúpẹ́ wálẹ̀, ó tún gòkè. Bàbá Ògúnlànà ní, "Ẹ fi sílẹ̀ o. Fíìmù Àkànní mọ̀wàá hù ju àwọn ọmọ Manchester lọ."

Ibẹ̀ ni mo ti rí ìparí tí mò ń wá. Mo ń ṣẹ́ ìdí pépà náà po díẹ̀díẹ̀, fóònù ń yà á, títí ó fi kúnlẹ̀.

Nígbà tí a fi hàn ní ṣọ́ọ̀ṣì, Klaus bi mí pé kí ló dé tí pépà náà fi tẹ̀ báyẹn. Mo ní ó ń kí Àkànní pé ó dàárọ̀. Klaus náà tẹ orí ba.

Ohun tí mo rí kọ́ ni pé tí ẹni wa bá fi iṣẹ́ sílẹ̀, ká parí ẹ̀ bí ọwọ́ tiwa ṣe mọ. Ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ bá ẹni yín parí? Ẹ kọ ọ́ sí ìsàlẹ̀, màá kà á.

Ọjọ́ Friday la sin ín.