Òkìtì Obì Tí A Fi Ewé Bò

Òórùn ewé obì tó ti rà ló máa ń kọ́kọ́ kí èèyàn káàárọ̀ ní oko wa lẹ́yìn àdúgbò Àtìkòrí, kí oòrùn tó ráyè yọ láàárín igi. Àárọ̀ Sátidé kan wà níbẹ̀ tí n kò jẹ́ gbàgbé láéláé.

Tíṣà ni màámi, àmọ́ bó bá di Sátidé, àgbẹ̀ paraku ni. Bí a bá ká obì lẹ́yìn ilé-ìwé ní Fráìdè, tí ilẹ̀ sì fẹ́ ṣú, a ó kó o jọ sídìí igi, a ó fi ewé gbígbẹ bò ó mọ́lẹ̀ di ọjọ́ kejì. Màámi a wá máa yangàn: "Olè á wò ó títí, kò ní rí i." Àṣé àwọn ẹranko ti ń lo ọgbọ́n yìí kí wọ́n tó bí baba ńlá wa.

Láàárọ̀ ọjọ́ náà, Bọ́sẹ̀ àbúrò mi, ọmọ tí ara rẹ̀ kì í balẹ̀, sáré ṣíwájú wa. Ó ti bẹ̀rẹ̀, ó ti nawọ́ sí òkìtì náà, nígbà tí àparò kan tó lúgọ sínú koríko, tí àwọ̀ rẹ̀ ò yàtọ̀ sí koríko, ṣàdédé fò pìì! Bọ́sẹ̀ ta gìrì, ó fìdí jókòó, ó figbe ta. Mo bú sẹ́rìn-ín. "Ojo! Àparò lásán!"

Màámi ò rẹ́rìn-ín. Ewé orí obì ló tẹjú mọ́. Ewé náà ń mí.

"Ẹ má mira o," ló sọ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Ó gbá Bọ́sẹ̀ mú lábíyá, ó ń fẹ̀yìn rìn. Ìgbà yẹn ni mo tó rí orí ejò láàárín ewé: òkà ni, ó ki bí apá àgbà, ó ká jọ pẹ̀sẹ̀ sórí obì wa. Kò tilẹ̀ mì.

Nígbà tí a dé ojú ọ̀nà, màámi jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó rẹ́rìn-ín títí omi fi ń bọ́ lójú rẹ̀. "Wọ́n ní kò séwu lóko, àfi gìrìgìrì àparò. Gìrìgìrì àparò ló gbà wá lónìí! Olúwa, o ṣeun!" Inú bí mi pé ó ń rẹ́rìn-ín. Mo rò pé ẹ̀rù kì í ba àgbà ni.

Èmi náà ti dìyá ọlọ́mọ. Lọ́jọ́ kan, wọ́n ní ọkọ̀ akẹ́kọ̀ọ́ kan dànù lọ́nà Àgọ́-Ìwòyè, ọmọbìnrin mi tó wà ní yunifásítì níbẹ̀ ò sì gbé fóònù. Mo pè é, mo tún pè é. Nígbà tó gbé e, ó ní oorun lòun ń sùn. Mo jókòó sílẹ̀ kíṣìnnì, mo bẹ̀rẹ̀ sí í rẹ́rìn-ín, n kò lè dúró.

"Mọ́mì, kí ló pa yín lẹ́rìn-ín báyìí?" Inú ti ń bí i.

Mo rántí màámi nílẹ̀ẹ́lẹ̀ lójú ọ̀nà oko, mo ní kó lọ jẹun.