Ọjọ́ Tí Ìyá Mi Wá Wo Eré Ìje

Ìyá mi kò gbà rí pé iṣẹ́ ni eré sísá. Nígbà tí mo wà lọ́mọge, tí mo ń wọ ṣòkòtò péńpé sáré káàkiri, tí mo ń gba ife bọ̀ wálé, ohun tó máa ń sọ ni pé, "Ẹnìkan kì í déédéé sáré nínú ẹ̀gún, bí kò bá lé ejò, ejò ń lé e. Èwo ni tìrẹ?" Ó fi ọ̀kan nínú àwọn ife náà wọn gàrí tó ń tà ní ọjà Ajue títí etí rẹ̀ fi já.

Mo wá di kóòṣì eré sísá ní kọ́lẹ́ẹ̀jì kan ní Òrè. Ìyá mi sọ fún gbogbo ìjọ Aládùúrà rẹ̀ pé ìṣirò ni mo ń kọ́ni. Àwọn kan tiẹ̀ gbé iṣẹ́ àmúrelé ọmọ wọn wá bá mi. Mo bá wọn ṣe é, àwọn ọmọ náà sì gba òdo.

Lọ́dún yìí, mo bẹ̀ ẹ́ títí ó fi gun ọ̀kadà wá wo ìdíje àwọn kọ́lẹ́ẹ̀jì. Kò sí ohun tí mo fẹ́ ju kó sọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo pé iṣẹ́ gidi ni mo ń ṣe. Èmi náà máa sáré níparí: akẹ́kọ̀ọ́ mẹ́ta á gba ọ̀pá lọ́wọ́ ara wọn, ẹni kẹta á gbé e fún kóòṣì, kóòṣì á sá a dópin. Ìlú Agbabu, tí ọ̀dà tí wọ́n fi ń ṣe títì kún inú ilẹ̀ rẹ̀, kò jìnnà sí wa, síbẹ̀ orí iyanrìn la ti ń sáré.

Àwọn ọmọ mi sá bí ẹni tí oyin ń lé. Ọmọbìnrin tó máa gbé ọ̀pá fún mi ti fi gbogbo wọn sẹ́yìn. Àmọ́ nígbà tí a ń gbára dì, akẹ́kọ̀ọ́ ẹgbẹ́ rẹ̀ kan ló máa ń dúró sí àyè mi. Kò gbé ọ̀pá fún àgbàlagbà rí. Mo ti ń sá lọ díẹ̀díẹ̀, mo na ọwọ́ sẹ́yìn, n kò rí ọ̀pá gbà. Mo bojú wẹ̀yìn. Ọmọ ti wà lórí eékún, ó fi ọwọ́ méjèèjì gbé ọ̀pá sókè.

"Ẹ gbà á, mà."

Ǹ bá já a gbà kí n máa lọ. Ẹnu mi ni kò gbọ́ tèmi. Mo padà, mo ní, "O ṣé, ọmọ mi. Wàá pẹ́, wàá dàgbà, ọmọ tìrẹ náà á kúnlẹ̀ fún ọ."

"Àmín, mà."

Kí àdúrà tó parí, gbogbo kóòṣì yòókù ti kọjá, títí kan èyí tí ikùn rẹ̀ máa ń ṣáájú rẹ̀ dé ibi gbogbo. Èmi ni mo gbẹ̀yìn. Ojú tì mí débi pé n kò lè wo ibi tí ìyá mi jókòó sí.

Òun ló dìde wá bá wa. Ó fi etí ìró rẹ̀ nu iyanrìn kúrò ní eékún ọmọ náà, ó ní fún àwọn ìyá tó wà nítòsí pé, "Ẹ rí i? Ọma mi ló kọ́ ọma yìí." Ó wá kọjú sí mi. "Uṣẹ́ gidi ni uṣẹ́ rẹ. N kò mọ̀ tẹ́lẹ̀."

Omi bọ́ lójú mi. Ọmọ náà, olóòótọ́ ọmọ, la ẹnu láti ṣàlàyé pé ìyá òun nílé ló kọ́ òun láti máa kúnlẹ̀. Mo tètè rán an lọ mu omi.